Ilẹ̀ wo ló bí ọ? Ọjọ́ mẹ́sàn-án láàárín àwọn Mapuche

Ọjọ́ kìíní, Ọjọ́bọ̀

Aago mẹ́wàá alẹ́ kọjá díẹ̀ ni bọ́ọ̀sì wa gbéra ní Santiago, olú-ìlú Chile. Ó tó kìlómítà 680 láti ibẹ̀ dé Temuco, ìlú kan ní gúúsù, gbogbo òru la ó fi rìn ín. São Paulo ní Brazil ni mo ti ń bọ̀, níbi tí mo ti ń ṣiṣẹ́ láti ọdún mẹ́ta sẹ́yìn. Èdè Potogí tí mo gbọ́ níbẹ̀ ni mo fi ń wá ọ̀nà gbọ́ èdè Sípáníìṣì.

Ọ̀rẹ́ mi kan níbi iṣẹ́ ló mú mi bọ́ sọ́nà yìí. Ọmọ Mapuche ni, àwọn ọmọ onílẹ̀ ní gúúsù orílẹ̀-èdè Chile. Ìyá rẹ̀ ń gbé létí adágún Budi, àbúrò ìyá rẹ̀ sì wà nílé ọkọ láàárín àwọn Pewenche lórí òkè, lẹ́bàá ààlà Ajẹntínà. Lọ́jọ́ tí mo sọ fún un pé mo fẹ́ lọ wo ilẹ̀ wọn, ó mi orí. Ó ní: "Má sọ bẹ́ẹ̀ fún màmá mi. Sọ pé o wá kí ilẹ̀ wa." Ó wá tú orúkọ wọn fún mi: mapu ni ilẹ̀, che ni èèyàn. Mapudungun tí wọ́n ń sọ, ohùn ilẹ̀ ni. Gbogbo ilẹ̀ náà, láti etí òkun Pàsífíìkì títí kọjá òkè Andes wọ Ajẹntínà, ni wọ́n ń pè ní Wallmapu.

Ní nǹkan bí aago mẹ́rin ìdájí, bàbá tó jókòó tì mí fi ìgbọ̀nwọ́ tọ́ mi. "Biobío," ló wí, ó sì nawọ́ sí ojú fèrèsé. Mi ò rí ju irin afárá lọ, àti òkùnkùn tó gbòòrò nísàlẹ̀ rẹ̀. Ṣùgbọ́n mo ti ka ìtàn odò yẹn títí kí n tó kúrò nílé. Pedro de Valdivia ló kó àwọn ọmọ ogun Sípéènì wọ ilẹ̀ yìí. Lóṣù Kejìlá ọdún 1553, àwọn Mapuche tí Leftraru ṣáájú wọn, ẹni tí àwọn ará Sípéènì ń pè ní Lautaro, pa á ní Tucapel. Lẹ́yìn ìjà Curalaba ní ọdún 1598, ìlú méje tí wọ́n tẹ̀ dó sí gúúsù odò náà ló tú pátápátá. Nígbà tó di oṣù Kìíní ọdún 1641, tọ̀tún-tòsì jókòó ní Quilín, wọ́n fẹnu kò pé Biobío ni ààlà. Ìjọba Sípéènì tó gba gbogbo ilẹ̀ àwọn Inca, ìjọba ńlá àtijọ́ lórí òkè Andes, dé etí odò kan, ó ní òun gbà. Ààlà yẹn wà títí ìjọba Sípéènì fi kógbá wọlé ní Chile.

Mo fẹ́ sùn padà, oorun kọ̀.

Ọjọ́ kejì, Ẹtì

Temuco tutù, kùrukùru bò ó. Mo gbé àpò mi sílẹ̀ nílé àlejò, mo gba ọjà Pinto lọ. Àwọn ìyá láti ìgbèríko jókòó létí ọ̀nà, wọ́n tẹ́ aṣọ sílẹ̀, wọ́n to ewébẹ̀ sórí rẹ̀ ní ìdìpọ̀ ìdìpọ̀. Ata tí wọ́n fi èéfín yan, tí wọ́n lọ̀ kúnná pẹ̀lú iyọ̀ àti èso koriáńdà, ni merken. Ó ta sí mi nímú kí n tó dé ìdí rẹ̀. Kollof ni ewé òkun dúdú tí wọ́n ká bí okùn. Àwọn Lafkenche, èèyàn etí òkun, ló ń gbé e wá. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ni òkìtì ngülliw, èso igi pewen, tó ṣe ṣóńṣó bí ọmọ ìka, tí àwọn Pewenche gbé sọ̀kalẹ̀ láti orí òkè. Ohun tó wà níwájú ẹni tó ń tajà ti sọ ibi tó ti wá. Orúkọ wọn náà ń sọ ọ́: lafken ni omi òkun, pewen ni igi yẹn, willi, tó wà nínú orúkọ àwọn Williche, ni gúúsù. Mapuche ni gbogbo wọn, ibi tí ilẹ̀ kálukú wà ló fi yàtọ̀.

Ní ọ̀sán mo gun òkè Ñielol. Igbó àtijọ́ ṣì wà lórí rẹ̀ láàárín ìgboro, wọ́n sì máa ń fi ibì kan hàn àlejò níbẹ̀, níbi tí wọ́n ní àwọn lonko, ìyẹn àwọn olórí ìletò Mapuche, ti bá ológun Chile ṣe àdéhùn àlàáfíà kí wọ́n tó tẹ Temuco dó ní ọdún 1881. Mo jókòó lórí àga níbẹ̀, ìtàn náà kò wọ̀ mí létí. Oṣù Kejì ọdún yẹn ni wọ́n kọ́ odi ológun Temuco. Nígbà tó fi máa di oṣù Kọkànlá ọdún kan náà, àwọn Mapuche dìde ogun káàkiri ilẹ̀ wọn. Ta ló ń fi ilẹ̀ tọrẹ tán tó tún ń jagun torí rẹ̀? Ọdún 1861 ni orílẹ̀-èdè Chile tó ti gba òmìnira bẹ̀rẹ̀ sí í kó ológun wọ gúúsù Biobío, nígbà tó sì fi máa di 1883 ó ti gba gbogbo rẹ̀. Ní òdìkejì òkè Andes, ìjọba Ajẹntínà ń ṣe irú rẹ̀ lásìkò kan náà, wọ́n sì pe ogun tiwọn ní ogun ìṣẹ́gun aṣálẹ̀, bí ẹni pé kò séèyàn níbẹ̀.

Ọjọ́ kẹta, Àbámẹ́ta

Bọ́ọ̀sì kékeré ló gbé wa gba Carahue kọjá lọ sí Puerto Saavedra, ọkọ̀ akẹ́rù kan sì jù mí sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ìletò náà. Màmá ọ̀rẹ́ mi ti dúró síta. Ó kéré, ó dúró ṣánṣán, ó fi aṣọ ìborùn dúdú ṣẹ́ èjìká. Ọ̀rẹ́ mi ti kọ́ mi pé papay ni wọ́n fi ń pe ìyá àgbà, nítorí náà mo tẹrí ba, mo ní: "Mari mari, papay." Ó ní: "Mari mari, lamngen."

Mo rò pé ìkíni ti parí. Kò tíì bẹ̀rẹ̀. Ó mú mi wọ inú ruka, ilé koríko wọn, tí ẹnu ọ̀nà rẹ̀ kọjú sí ìlà-oòrùn, tí iná ń jó láàárín rẹ̀. Ó fún mi ní ìjókòó, ó sì bẹ̀rẹ̀ ìkíni tí wọ́n ń pè ní pentukun. Ara mi ńkọ́? Bàbá mi? Ìyá mi? Àwọn tí mo fi sílẹ̀ ńkọ́? Oko ńkọ́, ṣé òjò rọ̀? Bó ṣe ń béèrè ni mò ń dáhùn, èmi náà sì ń béèrè padà. Fún èmi tí wọ́n tọ́ ní ibi tí ìkíni kì í ti í tán bọ̀rọ̀, ara mi balẹ̀ níbẹ̀ ju bó ṣe balẹ̀ ní São Paulo láti ọdún mẹ́ta lọ.

Ìgbà náà ló wá béèrè pé: "Chew tuwimi?" Níbo lo ti wá?

Mo ní Nàìjíríà. Ó dúró. Mo ní Èkìtì, ní ìpínlẹ̀ àwọn Yorùbá. Ó ṣì ń wò mí. Mo ní ọmọ Ẹ̀fọ̀n Aláayè ni mí, ìyá mi wá láti Ọ̀gọ̀tún, òkè ló yí ìlú wa ká. Ojú rẹ̀ là. Ó ní, "Òkè wo? Kí ni orúkọ rẹ̀? Omi wo lẹ̀ ń mu níbẹ̀?"

Mo mọ̀ pé odò kékeré kan ń ṣàn lẹ́yìn ilé bàbá mi. Mo ti wẹ̀ nínú rẹ̀. N kò mọ orúkọ rẹ̀. Mo sọ fún un bẹ́ẹ̀, ó sì dùn mí bí mo ṣe ń sọ ọ́. Kò rẹ́rìn-ín, kò sì bá mi wí. Ó ní, "Wàá béèrè."

Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin, àbúrò ọ̀rẹ́ mi, ló ṣàlàyé fún mi nídìí iná. Ohun méjì ni Mapuche fi ń jẹ́ ara rẹ̀. Küpalme ni ìran tó ti ṣẹ̀ wá, tuwün ni ilẹ̀ tó ti jáde wá. Ẹni tó mọ ọ̀kan tí kò mọ èkejì kò tíì dárúkọ ara rẹ̀ tán. Peñi, arákùnrin, ni òun ń pè mí, torí ọkùnrin sí ọkùnrin ni wá. Lamngen ni ìyá rẹ̀ ń pè mí, torí obìnrin ń pe tọkùnrin-tobìnrin bẹ́ẹ̀.

A jẹ multrun, àlìkámà sísè tí wọ́n gún tí wọ́n sì mọ gbọọrọ. Mo jẹ mẹ́rin.

Ọjọ́ kẹrin, Àìkú

Adágún Budi níyọ̀ díẹ̀, torí òkun ò jìnnà sí i. Àwọn ẹyẹ ńlá funfun tí ọrùn wọn dúdú ń léfòó lójú rẹ̀ ní òwúrọ̀. Papay mú mi gun òkè kékeré kan tí a ti ń rí adágún lọ́tùn-ún, tí a ń rí òkun lósì. Treng Treng ni wọ́n ń pe irú òkè bẹ́ẹ̀. Kay Kay, ejò omi, ló bínú nígbà ìwáṣẹ̀ tó fi ìrù na òkun títí omi fi bo ilẹ̀. Treng Treng, ejò ilẹ̀, sì ń gbé òkè sókè bí omi ṣe ń kún, kí àwọn èèyàn lè rí ibi sá sí. Papay kò sọ ọ́ bí àlọ́. Ní ọjọ́ 22 oṣù Karùn-ún ọdún 1960, ìmìtìtì ilẹ̀ tó lágbára jù lọ tí ẹ̀rọ tíì wọ̀n rí láyé, 9.5, mi gúúsù Chile. Òkun fà sẹ́yìn, ó sì padà wá gbé Puerto Saavedra lọ. Papay ní ọmọdé lòun nígbà náà. Ìyá òun kò dúró wo omi, òkè yìí ló kó wọn gùn. Ẹni tó mọ orúkọ òkè náà ti mọ ohun tí yóò ṣe.

Bí a ṣe ń sọ̀kalẹ̀, ó yà síbi igbó kan láti já ewé. Kí ó tó wọ ibẹ̀, ó dúró, ó sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́ ní Mapudungun, ó dárúkọ ara rẹ̀ àti ibi tó ti wá, ó sì sọ ohun tó fẹ́ mú àti ẹni tó fẹ́ fi tọ́jú. Ó ní ibi gbogbo ló ní ngen. Etí mi là sí ọ̀rọ̀ yẹn, torí bí "oní" tiwa ló ṣe ń ṣiṣẹ́: ko ni omi, ngenko ni olómi, mawida ni òkè tí igbó bò, ngenmawida ni onígbó. Èèyàn kò ní nǹkan kan níbẹ̀ tí kò ní láti tọrọ. Ewé mẹ́ta péré ló já, ó sì dúpẹ́ kí a tó kúrò.

Ó wá fi menoko hàn mí, tàbí ibi tí menoko wà tẹ́lẹ̀. Irà ni menoko, níbi tí omi ti ń sun tí lawen, ewé oògùn, ti ń hù. Ibẹ̀ ni machi, àwọn oníṣègùn wọn tó ń fi ìlù kultrun bá ayé òkè sọ̀rọ̀, ti ń rí ewé tí kò sí níbòmíràn. Papay fi bàtà tẹ ilẹ̀. Eruku sọ. Ó ní nígbà tí òun bí ọmọ òun àgbà, èèyàn kì í wọ ibẹ̀ láìbọ́ bàtà, ẹrẹ̀ ni títí dé orúnkún. Ó tọ́ka sí orí òkè kejì. Igi yukalíptọ́ọ̀sì ló wà níbẹ̀, tí wọ́n tò bí ọmọ ogun.

Ọjọ́ karùn-ún, Ajé

Lówùúrọ̀, ìró ọkọ̀ ló jí mi. Táńkà omi ni, láti ọ̀dọ̀ ìjọba ìbílẹ̀. Awakọ̀ fa páìpù, ó rọ omi sínú tánkì dúdú tó wà lẹ́yìn ilé, papay sì dúró tì í, ó ń fi ìka kan tẹ ara tánkì náà láti mọ ibi tí omi dé. Ọjọ́ Ajé àti Ọjọ́bọ̀ ló ń wá. Kànga wọn wà níbẹ̀, mo ṣí ìdérí rẹ̀, mo ju òkúta sí i: ilẹ̀ gbígbẹ ló dá mi lóhùn. Ìletò tó wà láàárín adágún àti òkun, níbi tí òjò ti ń rọ̀ láti oṣù Karùn-ún títí di oṣù Kẹsàn-án, ni táńkà ń gbé omi wá fún nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Ibi púpọ̀ ní ìgbèríko Araucanía, agbègbè yìí, ló rí báyìí.

Àbúrò ọ̀rẹ́ mi mú mi lọ wo àwọn igi náà. Òórùn rẹ̀ ló kọ́kọ́ pàdé wa, bíi ti Robb tí wọ́n máa ń fi pa wá láyà nígbà tí òtútù bá mú wa. A wọ inú rẹ̀. Ewé gbígbẹ ń dún lẹ́sẹ̀ wa, kò sí koríko, kò sí ẹyẹ tó ké. Igi kọ̀ọ̀kan jìnnà síra wọn ní ìwọ̀n kan náà, bó o bá wo iwájú tàbí ẹ̀gbẹ́, ìlà tààrà ni. Ó ní bí ọdún méjìlá bá pé, wọ́n á gé gbogbo rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, ọkọ̀ á kó o lọ síbi tí wọ́n ti ń sọ ọ́ di ohun èlò ìwé, wọ́n á sì tún gbin òmíràn. Igi tó ń yára dàgbà bẹ́ẹ̀ ń mu omi gidi. Mi ò ní sọ pé òun nìkan ló gbẹ kànga wọn, torí òjò náà ti dín kù níbẹ̀ láti ọdún pípẹ́; ṣùgbọ́n àwọn tó ń gbé nísàlẹ̀ òkè ló mọ ìgbà tí omi dáwọ́ dúró, wọ́n sì mọ ohun tí wọ́n gbìn síbẹ̀ kí ó tó dáwọ́ dúró.

Lẹ́yìn oúnjẹ, papay gbé àpótí páànù kan jáde lábẹ́ ibùsùn. Ó nu ọwọ́ rẹ̀ kí ó tó ṣí i. Ẹ̀dà ìwé ilẹ̀ bàbá bàbá rẹ̀ ni, título de merced, tí wọ́n tẹ̀ dáadáa ní apá kan tó sì ti ń ṣá ní apá kejì. Lókè ni orúkọ olórí ìdílé, nísàlẹ̀ ni àwòrán ilẹ̀ tí wọ́n fi ìlà yí ká, odò kan gba àárín rẹ̀ kọjá. Lẹ́yìn tí wọ́n gba ilẹ̀ tán, láàárín 1884 sí 1929, ìjọba Chile fún àwọn Mapuche ní irú ìwé bẹ́ẹ̀ tó sún mọ́ 3,000. Gbogbo ilẹ̀ inú wọn tó nǹkan bí 500,000 hẹ́kítà, kò ju bí ìdá kan nínú ogún ohun tí wọ́n ní lọ. Ìyókù di ti àwọn tí wọ́n kó wá láti Yúróòpù àti ti àwọn olówó Santiago. Papay fi èékánná tọ ìlà inú àwòrán náà: "Ibí la wà." Ó gbé èékánná kọjá ìlà: "Ibí ni àwọn igi yẹn."

Ohun tó wà lóde ìlà yẹn pẹ̀lú ní ìtàn. Nígbà àtúntò ilẹ̀ oko, pàápàá lábẹ́ ààrẹ Salvador Allende, àwọn Mapuche gba ilẹ̀ díẹ̀ padà. Oṣù Kẹsàn-án ọdún 1973 ni ológun gba ìjọba, wọ́n sì gba ilẹ̀ náà lọ́wọ́ wọn lẹ́ẹ̀kejì. Ní 1974, òfin 701 ti Pinochet, olórí ìjọba ológun náà, ní ìjọba yóò san tó ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin owó tí ẹni tó bá gbin igi ná. Bí páìnì àti yukalíptọ́ọ̀sì ṣe bo gúúsù nìyẹn.

Ṣùgbọ́n èyí tó mú mi dákẹ́ ni òfin 2.568 ti ọdún 1979. Òun ló pín ilẹ̀ àjùmọ̀ní àwọn ìletò sí abala abala, kálukú pẹ̀lú ìwé tirẹ̀. Nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ gbé e jáde, ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé bí ilẹ̀ bá ti di pínpín, kì í ṣe ilẹ̀ ọmọ onílẹ̀ mọ́, àwọn tó ni ín kì í sì í ṣe ọmọ onílẹ̀ mọ́. Mo ní kí àbúrò ọ̀rẹ́ mi tún un sọ, torí mo rò pé èdè ló ṣì mí gbọ́. Ó tún un sọ. Ẹni tó kọ òfin yẹn mọ Mapuche dáadáa. Ó mọ̀ pé ilẹ̀ ló ń sọ wọ́n di ẹni tí wọ́n jẹ́, ibẹ̀ ló sì gbé ọ̀bẹ lé. Wọ́n yọ gbólóhùn náà kúrò lẹ́yìn ariwo, pípín kò dúró.

Papay ká ìwé rẹ̀, ó dá a padà sínú páànù.

Ọjọ́ kẹfà, Ìṣẹ́gun

Ìdágbére gùn bí ìkíni. Ó fún mi ní ìyẹ̀fun àlìkámà sísun fún àbúrò rẹ̀, ó sì ní, "Bóo bá ti dé ọ̀hún, omi ni kóo kọ́kọ́ kí."

Ọkọ̀ tí mo ti sanwó rẹ̀ kò wá, wọn kò sì dá owó mi padà, wákàtí márùn-ún ni mo lò ní ibùdókọ̀ Temuco. Lójú ọ̀nà mo ti rí ọkọ̀ ológun méjì. Ìjọba ti kó sójà sí ojú ọ̀nà agbègbè yìí láti bí ọdún mélòó kan, torí àwọn kan ń jó ọkọ̀ akẹ́gi àti ilé oko níná. Èèyàn ti kú ní tọ̀tún-tòsì, mo sì ń ṣọ̀fọ̀ gbogbo wọn. Ọ̀kan tí orúkọ rẹ̀ wà lára ògiri ìgboro Temuco ni Camilo Catrillanca, ọmọ ọdún 24, tí ọlọ́pàá yìnbọn pa lóṣù Kọkànlá ọdún 2018 bó ṣe ń wa katakata ti oko bọ̀.

Nínú ìdúró yẹn ni mo pe ìyá mi nílé. Mo béèrè orúkọ odò ẹ̀yìn ilé. Ó kọ́kọ́ bi mí bóyá ara mi yá. Lẹ́yìn náà ó pe orúkọ rẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ ìtàn tó gba gbogbo owó fóònù mi tán. Mo kọ orúkọ náà sẹ́yìn ìwé yìí.

Ọjọ́ keje, Ọjọ́rú

Ọ̀nà òkè. A kọjá Curacautín, àwọn igi sì ń yí padà, títí a fi wọ ihò Las Raíces, tó gùn ju kìlómítà mẹ́rin àbọ̀ lọ lábẹ́ òkè. Ojú irin ni wọ́n gbẹ́ ẹ fún, mọ́tò ló ń gbà á báyìí. Bí a ṣe yọ lódìkejì, oòrùn ràn yòò, mo sì rí pewen àkọ́kọ́. Ìdí rẹ̀ ga gbọọrọ láìní ẹ̀ka, orí rẹ̀ tẹ́ bí agbòjò tí wọ́n ṣí.

Àfonífojì Quinquén ni mò ń lọ. Papay kejì jọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ bí ẹni yọ ọ́ lára rẹ̀. Ó gba ìyẹ̀fun náà, ó gbóòórùn rẹ̀, ó ní, "Budi nìyí."

Ọjọ́ kẹjọ, Ọjọ́bọ̀

Oṣù kẹrin ni ìkórè ngülliw ń parí lọ. Gbogbo ilé ló jáde, tàgbà-tèwe. Akọ àti abo ni igi pewen. Abo ló ń so, èso rẹ̀ sì ń lo tó ọdún méjì lórí igi kí ó tó gbó. Ó tóbi bí orí ọmọdé, bó bá gbó, á tú fúnra rẹ̀, ngülliw á sì rọ̀ sílẹ̀ bí òjò. A tẹ̀ba, a ń ṣà á nínú koríko. Ewé tó bá já sílẹ̀ ń gún ọwọ́ bí abẹ́rẹ́. Papay kọ́ mi pé kí n fi díẹ̀ sílẹ̀ lábẹ́ igi kọ̀ọ̀kan fún ẹyẹ àti fún igi fúnra rẹ̀. Nígbà tí mo kó gbogbo rẹ̀ tán lábẹ́ igi kan, ó mú ẹ̀kúnwọ́ kan nínú àpò mi, ó dà á padà.

A sè é títí ó fi rọ̀. Èèyàn á fi eyín tẹ ìdí rẹ̀, inú rẹ̀ á sì yọ jáde. Ó jọ ẹ̀kùrọ́ ọ̀tun lẹ́nu, ó jọ iṣu tó gbẹ. Wọ́n ń lọ̀ ọ́ fi ṣe búrẹ́dì, wọ́n ń fi í pọn ọtí, wọ́n sì ń bò ó mọ́ inú ilẹ̀ tútù kí ó lè dé ìgbà yìnyín. Igi yìí lè lo ju ẹgbẹ̀rún ọdún lọ.

Síbẹ̀ wọ́n fẹ́ẹ́ lé wọn kúrò lábẹ́ rẹ̀. Àwọn agégi ló ní ìwé lórí Quinquén, ilé ẹjọ́ sì ní kí àwọn Pewenche kó jáde. Wọ́n kọ̀. Ìjọba fi òfin dá gígé pewen dúró ní 1990, nígbà tó sì di 1992, ìjọba Patricio Aylwin ra àfonífojì náà kí wọ́n lè máa gbé ibẹ̀. Ọkọ papay, tí mò ń pè ní chachay bí wọ́n ṣe ń pe bàbá àgbà, sọ fún mi pé òun kì í lo ọ̀rọ̀ náà "ra". Ó nawọ́ sókè sí igi: "Ta ló gbà á lọ́wọ́ rẹ̀?" Ṣùgbọ́n ohun tó ń bà á lẹ́rù báyìí kì í ṣe agégi. Ó fi ẹ̀ka ìsàlẹ̀ hàn mí, tó ti gbẹ pọ́npọ́n lára ọ̀pọ̀ igi. Yìnyín kì í pọ̀ mọ́, ẹ̀ẹ̀rùn ń gùn sí i.

Ní ìrọ̀lẹ́, wọ́n mú mi lọ sí adágún Galletué. Nítòsí ẹnu rẹ̀, omi kékeré kan ń yọ́ jáde láàárín òkúta, ó mọ́ débi pé mò ń ka òkúta ìsàlẹ̀ rẹ̀. Ọmọdé lè rìn ín kọjá. Mo béèrè orúkọ rẹ̀.

Biobío ni.

Chachay ní kìlómítà púpọ̀ nísàlẹ̀ ni wọ́n ti dí i. Pangue ni dáàmù àkọ́kọ́, ní 1996. Ralco tẹ̀ lé e ní 2004, omi rẹ̀ sì bo ilẹ̀ àwọn ìdílé Pewenche àti ibi ìsìnkú àwọn baba ńlá wọn. Berta àti Nicolasa Quintremán, tẹ̀gbọ́n-tàbúrò, ló ṣáájú àwọn tó kọ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Lóṣù Kejìlá ọdún 2013, wọ́n rí òkú Nicolasa nínú adágún tí dáàmù náà dá sílẹ̀. Chachay bọ́ fìlà rẹ̀ nígbà tó ń dárúkọ rẹ̀.

Papay ní kí n jẹ́ ara mi fún omi náà. Mo bẹ̀rẹ̀. Mo sọ orúkọ mi, mo sọ ti bàbá mi àti ti ìyá mi, mo ní ọmọ Ẹ̀fọ̀n Aláayè ni mí. Mo wá dárúkọ odò ẹ̀yìn ilé wa. Èdè Yorùbá ni mo fi sọ ọ́, kò sì sẹ́ni tó ní kí n túmọ̀ rẹ̀. Mo bu omi, mo mu.

Ọjọ́ kẹsàn-án, Ẹtì

Láti Lonquimay sí Temuco, láti Temuco sí Santiago, bọ́ọ̀sì òru lẹ́ẹ̀kejì. Mi ò sùn. Nígbà tí a dé afárá Biobío, mo gbé ọwọ́ lé gíláàsì fèrèsé títí a fi kọjá.

Fóònù mi mì. Àbúrò ọ̀rẹ́ mi ló fi ohùn ránṣẹ́ láti Budi, ó ní màmá ní kí òun sọ fún mi pé táńkà kò wá lánàá. Òní ló wá. Ìdajì tánkì ló rọ.